Wọ́n tún ní gáàsì AC mi ti tán: báwo ni wọ́n ṣe ń mọ ibi tó ti ń jò?

Àlàkẹ́_Ṣùúrùlérè

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ AC yàrá mi ló gbé mi wá. Split ni (apá kan nínú yàrá, apá kan níta), hóọ̀sì kan àtààbọ̀, gáàsì R410A ni wọ́n kọ sára rẹ̀. Bí ooru bá ti mú ní Èkó, lẹ́yìn ọdún Kérésì títí wọ oṣù kẹrin, kì í tutù mọ́. Ẹni tó ń bá mi tún un ṣe á wá, á so géèjì mọ́ ọn, á ní gáàsì ti tán, á rọ òmíràn sí i, n ó sanwó. Yóò tutù dáadáa fúngbà díẹ̀, á sì tún bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ atẹ́gùn lásán. Ó ti tún ní kí n wá owó gáàsì báyìí.

Ṣé bẹ́ẹ̀ ni gáàsì ṣe máa ń tán ni? Bó bá sì ń jò ni, báwo ni mo ṣe máa mọ ojú ibẹ̀ kí n tó tún náwó? Band A ni àdúgbò wa. Láti oṣù kẹrin ọdún 2024 tí wọ́n ti gbé owó iná wa sókè, mi ò lágbára AC tó ń jẹ iná tí kò sì tutù.

Bàbá_Ẹlẹ́rọ

Àlàkẹ́, ẹ kú ìnáwó o. N ò ní fi igbá kan bọ ọ̀kan nínú fún yín: gáàsì AC kì í tán. Kì í ṣe epo bẹntiróòlù tí ọkọ̀ ń jó. Inú páìpù tí a dí lórí tí a dí nídìí ló ń yí ká. Kọ̀mpúrẹ́sọ̀ á tẹ̀ ẹ́ níta, á gbóná, á tú ooru rẹ̀ sí afẹ́fẹ́, á di olómi. Olómi yẹn á wọlé, á padà di gáàsì nínú kọ́ílì tó wà lára ògiri yàrá, ibẹ̀ ló ti ń fa ooru yàrá mọ́ra. Ó di ìta padà nìyẹn. Èyí tí wọ́n rọ sí i lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ló yẹ kó lò títí tí AC fi máa darúgbó. Bó bá dín, ihò wà níbì kan. Ẹni tó ń rọ gáàsì lé gáàsì láìwá ihò, owó yín ló ń dà sáfẹ́fẹ́.

Ṣùgbọ́n kí a tó dá gáàsì lẹ́bi, ẹ yọ fílítà inú, ẹ fọ̀ ọ́. Ẹ wo ẹ̀yìn èyí tó wà níta bóyá eruku ọyẹ́ ti dí i. Ẹ wò ó bóyá fáànù ìta ń yí dáadáa. Kápásítọ̀ (ohun kékeré tó ń ran mọ́tò lọ́wọ́ láti gbéra) tó ti rẹ̀ kò ní jẹ́ kí kọ̀mpúrẹ́sọ̀ ṣíṣẹ́, iná tí kò tó náà kò ní jẹ́ kó gbéra, AC á sì máa fẹ́ atẹ́gùn bí ẹni pé gáàsì ni kò sí.

Yìnyín ló máa ń rú ènìyàn lójú jù. Fílítà tó dọ̀tí lè mú kí kọ́ílì dì, gáàsì tó dín náà lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ fọ fílítà, kí yìnyín yọ́ tán, kí ẹ tún tan AC. Bó bá jẹ́ ibi tí páìpù tín-ín-rín ti wọ inú kọ́ílì nìkan ló tún dì, tí ìyókù kọ́ílì gbẹ tí kò sì tutù, gáàsì ti dín. Ẹ tún wo ìta. Nínú ọ̀rinrin Èkó yìí, páìpù ńlá AC tó ní ìlera máa ń làágùn ṣàn ni. Bí páìpù kékeré bá ń di funfun, tí páìpù ńlá sì gbẹ, ẹ pe ẹni tó mọṣẹ́.

Ọmọ_Mushin

Ẹ má bínú o, bàbá. Ṣebí gbogbo gáàsì ló máa ń dín díẹ̀díẹ̀? AC ọkọ̀ mi, ọdọọdún ni mò ń rọ gáàsì sí i, kò sì sí ẹni tó rí ihò kankan lára rẹ̀.

Bàbá_Ẹlẹ́rọ

Àbúrò, ti ọkọ̀ yàtọ̀. Ọkọ̀ ní páìpù rọ́bà, kọ̀mpúrẹ́sọ̀ rẹ̀ sì ní ọ̀pá tó yọ síta tí bẹ́líìtì ń yí. Rọ́bà àti sẹ́ẹ̀lì ọ̀pá yẹn máa ń jẹ́ kí gáàsì yọ́ jáde díẹ̀díẹ̀, pàápàá bí ọkọ̀ bá ti pẹ́. Split ilé kò ní bẹ́líìtì. Kọ̀mpúrẹ́sọ̀ àti mọ́tò rẹ̀ wà nínú ìkòkò irin kan tí wọ́n jó ẹnu rẹ̀ pa, bàbà ni páìpù rẹ̀. Ẹ má fi ti ọkọ̀ ṣe ìwọ̀n ti ilé.

Ẹ̀rọ_Tútù_Ojúẹlẹ́gba

Ẹ kú àlàyé, ẹ̀gbọ́n. Iṣẹ́ yìí ni mo fi ń jẹun, kò sì jìnnà sí ọ̀dọ̀ yín, ẹ̀gbọ́n Àlàkẹ́.

Ẹ kọ́kọ́ fojú wá òróró. Òróró kọ̀mpúrẹ́sọ̀ ń bá gáàsì rìn káàkiri inú páìpù, ibi tí gáàsì bá ti ń yọ ni òróró máa ń yọ sí, eruku á sì lẹ̀ mọ́ ọn. Bí ẹ bá rí ojú kan tó dúdú tó sì ń yọ̀ lára páìpù tàbí lára fóòmù tí wọ́n fi bò ó, ẹ fi ìka kàn án. Bí omi bá ni, á gbẹ. Òróró kì í gbẹ.

Ibi tí mo máa ń bẹ̀rẹ̀ ni àwọn nọ́ọ̀tì. Mẹ́rin ni wọ́n lára split: méjì níta níbi fáàfù, méjì lẹ́yìn èyí tó wà nínú ilé. Àwọn oníṣẹ́ kì í fẹ́ débi méjì ti inú ilé yẹn, torí ó ti wọnú fóòmù, wọ́n sì ti fi téèpù wé e. Bẹ́ẹ̀, ibẹ̀ gan-an ló ń jò jù nínú AC tí wọ́n kánjú gbé kọ́. Ẹnu páìpù tí wọn ò fẹ̀ dáadáa kó tó wọ nọ́ọ̀tì, tàbí nọ́ọ̀tì tí wọ́n fún ju bó ṣe yẹ lọ tí ẹnu bàbà fi là, gbogbo rẹ̀ ló ń fa á.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ẹnu tí a ń so géèjì mọ́. Fáàfù kékeré kan wà nínú rẹ̀, irú èyí tó wà lára táyà. Bí wọ́n ṣe ń so géèjì mọ́ ọn lemọ́lemọ́, bẹ́ẹ̀ ni rọ́bà rẹ̀ ń jẹ. Ẹ wò ó bóyá ìdérí rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ ni mo ń bá tí kò ní ìdérí mọ́.

Ọṣẹ ló kàn. Ẹ po ọṣẹ olómi tí a fi ń fọ abọ́ mọ́ omi díẹ̀, kó ki kó lè dúró lára irin. Ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì kékeré kùn ún yí gbogbo nọ́ọ̀tì ká. Ẹ PA AC náà kí ẹ tó ṣe é fún kọ́ílì inú ilé àti páìpù ńlá. Nígbà tí AC R410A bá ń ṣiṣẹ́, ìhà yẹn kì í sábà ju nǹkan bíi 110 sí 130 psi (ìwọ̀n agbára gáàsì tí géèjì ń kà) lọ. Bí ẹ bá pa á tí ìhà méjèèjì sì dọ́gba, tí ooru bá tó 30°C, á gòkè tó nǹkan bíi 250 psi, bí gáàsì olómi bá ṣì ṣẹ́kù nínú rẹ̀. Agbára tó ń ti gáàsì jáde ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì nìyẹn. Ti ìhà tó gbóná níta, ìgbà tí AC ń ṣiṣẹ́ ló dáa láti wò ó.

Ihò ńlá á hó lójú ẹsẹ̀. Ihò kékeré kì í hó. Ìfófó funfun kan ni ẹ máa rí ní etí nọ́ọ̀tì, kò ní tóbi, ẹ máa rò pé ọṣẹ lásán ni. Ẹ fi í sílẹ̀ bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí ẹ padà wò ó. Bó bá ti wú sí i, tí ẹ nù ún tó tún hù lójú kan náà, ẹ ti mú un. Lẹ́yìn náà, ẹ fi omi mímọ́ fọ ọṣẹ náà kúrò, torí àwọn ọṣẹ kan ní ohun tó ń jẹ bàbà àti nọ́ọ̀tì nínú.

Ìyá_Ìbejì_Ajah

Ẹ̀gbọ́n Ojúẹlẹ́gba, ẹ ṣeun gan-an. Ti wa ní ẹ̀bá òkun níbí yàtọ̀ díẹ̀. Kọ́ílì inú ilé ni wọ́n ní ó ń jò, wọn ò sì fojú rí ihò kankan. Ṣé iyọ̀ òkun lè wọlé débẹ̀ ni?

Ẹnjiníà_Akọka

Ìyá Ìbejì, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Iyọ̀ òkun máa ń jẹ èyí tó wà níta ju ti inú lọ. Áfẹ́fẹ́ òkun máa ń gbé iyọ̀ sórí àwọn abẹ àlùmíníọ̀mù tó wà lẹ́yìn ẹ̀rọ, wọ́n á di lẹ́búlẹ́bú, bàbà náà á wá gbọgbẹ́. Lẹ́kkí àti Ajah àti Victoria Island, ẹ máa fi omi tẹ́ẹ́rẹ́ fọ ẹ̀yìn tìta déédéé, kí ẹ kọ́kọ́ pa iná rẹ̀.

Ti inú ilé sábà ní ìdí mìíràn. Bí òórùn fínígà, àwọ̀ ilé tuntun, gọ́ọ̀mù pákó tàbí àwọn oògùn ìfọlé kan bá ń wà nínú afẹ́fẹ́ ilé, ásíìdì inú wọn á bá omi tó ń ṣàn lára kọ́ílì pàdé, á sì máa gbẹ́ ihò tín-ín-rín wọ inú ara bàbà. Lójú òde, kìkì àmì dúdú kan ni, bẹ́ẹ̀ ọ̀nà tó yà kiri ló wà nínú rẹ̀ tí ojú lásán kò lè rí. Bílíìṣì tí àwọn kan fi ń fọ kọ́ílì náà burú fún àlùmíníọ̀mù àti bàbà. Bó bá jẹ́ irú ihò yẹn ni, ẹ má gbà kí wọ́n fi iná lẹ̀ ẹ́ pa. Ibi tí wọ́n lẹ̀ máa dúró, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ á là. Kọ́ílì ni kí ẹ pààrọ̀.

Kí ó lè dájú, kí wọ́n ya kọ́ílì inú sọ́tọ̀ kúrò lára páìpù, kí wọ́n dí i, kí wọ́n fi náítírójìn gbígbẹ kún un, kí wọ́n rì í sínú omi tàbí kí wọ́n fi ọṣẹ bò ó. Náítírójìn gbígbẹ dáa fún iṣẹ́ yìí, kò ní omi nínú, kì í sì gbiná. Ẹ má jẹ́ kó kọjá iye tí wọ́n kọ sára pátákó AC náà.

Bí wọ́n bá fi í sílẹ̀ di ọjọ́ kejì, ẹ rántí pé ooru ń yí i padà. Bí wọ́n bá fi 300 psi sí i lọ́sàn-án nígbà tí ooru jẹ́ 32°C, tó sì di 26°C láàárọ̀, géèjì máa ka nǹkan bíi 294 láìsí ihò kankan. Mo ti rí oníṣẹ́ tó tú gbogbo páìpù ilé onílé ká nítorí irú ìdínkù bẹ́ẹ̀. Bó bá wá já sí 250, ọ̀rọ̀ ti yàtọ̀.

Ọmọ_Mushin

Ẹni tó wà ládùúgbò wa, ọ́síjìn àwọn wẹ́dà ló máa ń lò. Ó ní ọ̀kan náà ni wọ́n.

Ẹnjiníà_Akọka

Ọmọ Mushin, ẹ dákun, ẹ sá fún ẹni yẹn! Kì í ṣe ọ̀kan náà. Òróró wà nínú kọ̀mpúrẹ́sọ̀. Ọ́síjìn tí a fi agbára tẹ̀ bá bá òróró pàdé, ó lè bú gbàmù, ó sì ti pa àwọn oníṣẹ́ rí ní onírúurú ibi láyé. Ẹ tún sọ fún un pé afẹ́fẹ́ lásán láti inú ẹ̀rọ vulcanizer náà kò dáa: omi wà nínú rẹ̀, ọ́síjìn náà sì wà níbẹ̀. Ẹ bá mi bẹ̀ ẹ́ gidigidi. Bí ọmọ rẹ̀ bá ń dúró tì í lẹ́nu iṣẹ́ ńkọ́?

Ọmọ_Mushin

Mo gbọ́ o, mà. Màá débẹ̀ láàárọ̀ ọ̀la.

Káyọ̀dé_Ìkejà

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀rọ kékeré tó ń ké pípípí bó bá gbóòórùn gáàsì ńkọ́? Wọ́n tún ní bí wọ́n bá fa fákúùmù (kí wọ́n fi ẹ̀rọ fa gbogbo ohun tó wà nínú páìpù jáde), tí géèjì bá dúró, kò sí ihò.

Ẹ̀rọ_Tútù_Ojúẹlẹ́gba

Ẹ̀rọ yẹn dáa, bí ẹni tó mú un bá ní sùúrù. Gáàsì wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, nítorí náà abẹ́ páìpù ni kí ẹ máa fi imú rẹ̀ tọ̀, díẹ̀díẹ̀, kì í ṣe òkè. Kí ẹ pa fáànù. Níta, afẹ́fẹ́ ló máa ń gbá gáàsì lọ kó tó kàn án, ọṣẹ dáa níbẹ̀ jù ú lọ. Kí ẹnikẹ́ni má fín oògùn ẹ̀fọn tàbí lọ́fínńdà sí yàrá ṣáájú, ó lè ké nítorí ìyẹn. Bó bá ké lójú kan, ẹ gbé e kúrò, ẹ padà síbẹ̀. Bó bá tún ké lójú kan náà, ẹ wá fi ọṣẹ mú un dájú.

Fákúùmù kì í fi ibi tó ń jò hàn. Agbára afẹ́fẹ́ ayé ló ń ti wọlé nígbà yẹn, kò ju nǹkan bíi 14.7 psi lọ. Ihò tó ń jò lábẹ́ 250 lè má fi ara hàn lábẹ́ 14. Ẹ lò ó láti fa omi àti afẹ́fẹ́ jáde lẹ́yìn àtúnṣe, kì í ṣe láti wá ihò.

Àlàkẹ́_Ṣùúrùlérè

Ẹ̀yin ará, ẹ ṣeun, Olúwa á gbè yín o. Mo pe ẹlòmíràn wá, mo sọ fún un pé mi ò ní sanwó gáàsì títí tí yóò fi fi ibi tó ń jò hàn mí. Ó tú téèpù ẹ̀yìn èyí tó wà nínú ilé. Fóòmù ibẹ̀ ti rin ṣinṣin, ó dúdú, ó ń yọ̀. Nọ́ọ̀tì páìpù ńlá ni. Ó fi ọṣẹ sí i, ìfófó yẹn ń hù lójú mi kedere, a nù ún, ó tún hù. Ó gé ẹnu páìpù náà, ó fẹ̀ ẹ́ tuntun. Ó ní a óò fi náítírójìn dán an wò kí a tó rọ gáàsì. Kí ni mo tún gbọ́dọ̀ wò kí wọ́n tó parí?

Bàbá_Ẹlẹ́rọ

Ó dáa gan-an, ìyá mi. Ẹni yẹn mọṣẹ́ rẹ̀. Ẹ béèrè pé kó fa fákúùmù kó tó rọ gáàsì, kí ó sì fi òṣùwọ̀n wọn gáàsì náà ní ìwọ̀n tó wà lára pátákó. Géèjì nìkan kò tó láti mọ iye tó wà nínú rẹ̀. Bí páìpù yín bá gùn ju èyí tí ilé iṣẹ́ rọ gáàsì fún lọ, ó máa fi díẹ̀ kún un, ìwé tó tẹ̀lé AC náà ló máa sọ iye rẹ̀.

R410A ni tiyín. Gáàsì méjì ni wọ́n pò pọ̀, ìdajì R32 àti ìdajì R125, nítorí náà bó ṣe jẹ́ olómi ni kó ti jáde nínú sílíńdà, kì í ṣe bó ṣe jẹ́ afẹ́fẹ́. Ẹ má gbà kí wọ́n da R22, gáàsì AC àtijọ́, pọ̀ mọ́ ọn rárá.

Ìsàlẹ̀_Èkó_Nílé

Ẹ̀yin àgbà, AC ilé bàbá wa ní Àdéníjì-Adélé ṣì ń lo R22. Bàbá mi ní fìtílà kékeré kan, oníná, tí ó máa ń tàn lẹ́bàá páìpù, á ní bí ọwọ́ iná bá di àwọ̀ ewé, gáàsì ń jò níbẹ̀. Mo lò ó lára AC R410A ilé mi, kò yí àwọ̀ padà rárá.

Bàbá_Ẹlẹ́rọ

Ọmọ mi, kò lè yí padà. Klórínì inú R22 ló ń bá bàbà gbígbóná inú fìtílà náà ṣiṣẹ́ tí iná fi ń di àwọ̀ ewé. R410A àti R32 kò ní klórínì. Ẹ gbé fìtílà náà sórí pẹpẹ kí àwọn ọmọ máa wò ó, kí ẹ má ṣe lò ó mọ́. R32 lè gbiná bó bá pọ̀ tó nínú afẹ́fẹ́, R290 sì ni propane, ó ń gbiná bí gáàsì ìdáná. Kódà R22 tí iná bá jó á di èéfín olóró. Bó bá jò púpọ̀ nínú yàrá, ẹ ṣí fèrèsé kí ẹ jáde, torí ó lè lé afẹ́fẹ́ tí a ń mí kúrò nílẹ̀.

Ti R22 ilé bàbá yín, ẹ wá ibi tó ń jò kí ẹ tún un ṣe dáadáa lẹ́ẹ̀kan. Lábẹ́ àdéhùn Montreal tí àwọn orílẹ̀-èdè jọ ṣe ni wọ́n ti ń fà á kúrò díẹ̀díẹ̀ nítorí ó ń ba ozone tó ń bo ayé jẹ́, àwọn orílẹ̀-èdè bíi tiwa sì gbọ́dọ̀ fi í sílẹ̀ ní 2030, àyàfi díẹ̀ tó kù fún àtúnṣe àwọn tó ti wà nílẹ̀. Yóò máa ṣọ̀wọ́n sí i.

Ìsàlẹ̀_Èkó_Nílé

Ẹ ṣé, bàbá. Nígbà tí ó bá wá ku ríra gáàsì, báwo ni mo ṣe máa mọ̀ pé ohun tó wà nínú sílíńdà ní Alábà bá ohun tó wà lára rẹ̀ mu?

Ẹnjiníà_Akọka

Ẹ jẹ́ kí sílíńdà náà dúró ní ibòòji títí ooru rẹ̀ fi bá ti yàrá dọ́gba, kí oníṣẹ́ yín so géèjì mọ́ ọn. Ní 30°C, R22 máa ka nǹkan bíi 158 psi, R410A nǹkan bíi 259, R134a, irú gáàsì mìíràn, nǹkan bíi 97. Bí wọ́n bá ní R22 ni tí géèjì sì ka 97, ẹ dá a padà fún wọn. Ṣùgbọ́n R32 àti R410A sún mọ́ ara wọn gan-an, R32 máa ka nǹkan bíi 265, géèjì nìkan kò lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Nítorí náà, ọ̀dọ̀ ẹni tí oníṣẹ́ yín ti ń rà á tipẹ́ ni kí ẹ lọ, kí ẹ sì wò ó dáadáa pé èdìdì ẹnu sílíńdà kò tíì já kí ẹ tó sanwó.